Ìwé máàpù mi kò ní ọdún lára. Kí ni kí n rà fún ìtàn ayé òde òní?

Olùkọ́Ìtàn_Ẹ̀gbá · Ọjọ́ Ajé, aago 8:14 alẹ́

Ẹ kú alẹ́ o, ẹ̀yin ará. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn.

Ìtàn ni mo ń kọ́ àwọn ọmọ girama ní Abẹ́òkúta. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́jáde ilé ẹ̀kọ́ wa dá owó jọ, wọ́n ní kí n fi ra ìwé ńláńlá tí àwọn ọmọ á máa ṣí wò lórí ìtàn ayé, láti ìgbà tí àwọn òyìnbó ti pín ilẹ̀ Áfíríkà títí di òní. Bí a bá ṣọ́ owó náà ná, ìwé mẹ́ta ni ó lè ká.

Ohun tó fa ìbéèrè mi rèé. Ìwé máàpù ńlá kan wà lórí tábìlì mi, ẹ̀yìn rẹ̀ ti já, ojú ewé tí wọ́n kọ ọdún sí ti ya lọ. Mo tún ní ìwé máàpù ìtàn kan tó kéré sí i. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọbìnrin kan ní SS2 ṣí èyí tó kéré sí Áfíríkà ṣáájú Ogun Àgbáyé Kìíní, ó wá gbé ìwé tí bàbá rẹ̀ lò nígbà tirẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀. Áfíríkà ṣáájú ogun kan náà ni àwọn méjèèjì pè é. Nínú ọ̀kan, Kamẹrúùnù àwọn ará Jámánì dúró jẹ́ẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa. Nínú èkejì, ó fẹ̀, ó na ẹsẹ̀ méjì jáde sí ìlà-oòrùn títí tó fi kan odò Kóńgò. Ọmọ náà fi ìka tọ́ ẹsẹ̀ méjèèjì, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, èwo ló parọ́ níbẹ̀?" N kò rí nǹkan sọ. Ọ̀rọ̀ náà ṣì ń dùn mí.

Èwo ló tọ̀nà? Ṣé kí n ju èyí tí kò ní ọdún nù? Kí ni kí n sì fi owó náà rà?

Ọmọ_Ìjẹ̀ṣà · aago 8:31

Ẹ jù ú nù, sà. Ìwé máàpù tó ti gbó, ohun tí kò sí mọ́ ló máa kọ́ àwọn ọmọ. Èyí tí wọ́n ń lò níbi tí ọmọ mi ti ń kàwé, Yugoslavia ṣì wà nínú rẹ̀ gbọnran gbọnran. Ẹ ra tuntun.

Ìyá_Láíbìrì · aago 9:02

Olùkọ́, ẹ dákun, ẹ má jù ú síta. Ọmọ Ìjẹ̀ṣà, ẹ má bínú, ibi tí èmi dúró sí yàtọ̀. Ẹlẹ́rìí ni máàpù àtijọ́. Bí ayé ṣe rí lọ́dún tí wọ́n yà á ló ń sọ. Ohun tó ṣe tiyín ni pé a kò mọ ọdún náà, ẹlẹ́rìí tí kò sì mọ ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ ṣẹlẹ̀, ta ni yóò gbà á gbọ́? Ẹ jẹ́ ká wá ọdún rẹ̀.

Iṣẹ́ láíbìrì ni mo ṣe fẹ̀yìn tì ní Ìbàdàn. Bí ìwé bá dé ọwọ́ wa tí iwájú rẹ̀ ti já, orúkọ ìlú la fi ń mọ ọjọ́ orí rẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ wo ìtòsí wa. Bó bá pe aládùúgbò wa ní Dahomey, ìmọ̀ ṣáájú 30 November 1975 ló wà nínú rẹ̀, ọjọ́ yẹn ni Kérékou, olórí ìjọba ibẹ̀, yí orúkọ padà sí Bẹ̀nẹ̀. Bó bá kọ Upper Volta, kò tíì di August 1984 tí Sankara, olórí ìjọba ibẹ̀, sọ ọ́ di Burkina Faso. Láti 1971 sí 1997 nìkan ni Zaire fi jẹ́ Zaire. Ẹ kọjá sí Yúróòpù: Jámánì méjì ni àbí ẹyọ kan? 3 October 1990 ni wọ́n padà di ọ̀kan. Yemen náà, méjì ni títí di May 1990. Ìlú kan wà ní Rọ́ṣíà tí mo fẹ́ràn láti fi dán ìwé wò: St Petersburg, ó di Petrograd ní 1914, ó di Leningrad ní 1924, ó tún padà di St Petersburg ní 1991.

Lẹ́yìn náà, kí ẹ ka ìpínlẹ̀ Nàìjíríà. 12 ni láti 1967, 19 láti 1976, 21 láti 1987, 30 láti 1991, 36 láti 1996. Ẹ wò ó fínnífínní, kí ẹ padà wá bá wa.

Olùkọ́Ìtàn_Ẹ̀gbá · aago 9:40

Ẹ ṣeun gan-an, mà. Mo ti wò ó. Bẹ̀nẹ̀ ni, kì í ṣe Dahomey. Burkina Faso ni. Zaire wà. Jámánì méjì, Yemen méjì, Leningrad. Burma ni ó kọ, kì í ṣe Myanmar. Ìpínlẹ̀ Nàìjíríà jẹ́ 19, Katsina ṣì jẹ́ ìlú kan nínú ìpínlẹ̀ Kaduna.

Ọmọ_Ìjẹ̀ṣà · aago 9:44

Ó ti yé. Burkina Faso dé ní 1984, ìpínlẹ̀ Katsina àti Akwa Ibom dé ní September 1987. Láàárín méjèèjì ni wọ́n tẹ̀ ẹ́. Ìyá, ẹ ṣeun, mi ò mọ èyí rí.

Atẹ̀wé_Ṣómólú · aago 10:20

Ẹ rọra ná, ẹ̀gbọ́n Ìjẹ̀ṣà. Ìdajì ló tọ́ níbẹ̀.

Orúkọ tuntun ló ń jẹ́rìí, orúkọ àtijọ́ kì í jẹ́rìí tó bẹ́ẹ̀. Bí Burkina Faso bá ti wà nínú rẹ̀, kò sí bó ṣe lè ṣáájú 1984, ìyẹn dájú. Ṣùgbọ́n pé Katsina kò tíì di ìpínlẹ̀ nínú rẹ̀ kò ní kó má kọjá 1987. Iṣẹ́ ìtẹ̀wé ni mo ń ṣe. Bí wọ́n bá fẹ́ tún ìwé tẹ̀, pléètì àtijọ́, irin pẹlẹbẹ tí a fi ń tẹ̀wé, ni a máa gbé jáde. Àtúnṣe ojú ewé kan ní ọ̀nà ìgbà yẹn gba pléètì tuntun fún àwọ̀ kọ̀ọ̀kan, owó ńlá ni. Nítorí náà, ibi tí oníwèé bá kà sí pàtàkì ló máa kọ́kọ́ tún ṣe. Oníwèé tó wà ní Yúróòpù kò ní gbàgbé pé Jámánì ti di ọ̀kan. Ìpínlẹ̀ Nàìjíríà lè dúró bẹ́ẹ̀ fún ọdún mélòó kan kí ẹnikẹ́ni tó rántí rẹ̀. Burma pẹ̀lú: 1989 ni ìjọba ibẹ̀ sọ ọ́ di Myanmar, àwọn oníwèé kan lókè òkun sì ń kọ Burma lọ fún ìgbà pípẹ́ lẹ́yìn rẹ̀.

Ẹ ṣọ́ra fún Abuja náà. 1976 ni wọ́n ṣòfin pé ibẹ̀ ni yóò jẹ́ olú-ìlú, 12 December 1991 ni ìjọba kó kúrò l'Ékòó lọ síbẹ̀ gan-an. Àwọn kan ti fi àmì olú-ìlú sí Abuja kí ọjọ́ náà tó pé.

Tí ẹ bá ní gíláàsì tó ń sọ nǹkan di ńlá, ẹ fi wo igun ìsàlẹ̀ máàpù kọ̀ọ̀kan, níta ìlà tó yí i ká. Wọ́n máa ń fi lẹ́tà kéékèèké kọ orúkọ ilé iṣẹ́ síbẹ̀, nígbà míì ọdún á wà lẹ́yìn rẹ̀.

Ọmọ_Yorùbá_Houston · Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, aago 4:05 ìdájí

Ẹ kú ojúmọ́ o, ẹ̀yin tó wà nílé. Ẹ bá mi kí ọmọbìnrin yẹn, ìbéèrè rẹ̀ dára púpọ̀. Kò sí èyí tó parọ́ nínú máàpù méjèèjì. Ọdún tí wọ́n ń sọ ló yàtọ̀, àwọn tó tẹ ìwé ni kò kọ ọdún náà sí i lórí.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ nìyí. Ní 1911, Faransé fẹ́ gba Morocco pátápátá. Jámánì kò fẹ́, ó rán ọkọ̀ ogun kan tí ń jẹ́ Panther lọ sí èbúté Agadir ní July ọdún náà. Ogun fẹ́rẹ̀ẹ́ bẹ́. Wọ́n jókòó dúnàádúrà, ní 4 November 1911 wọ́n fọwọ́ sí ìwé: Jámánì fi Morocco sílẹ̀ fún Faransé, Faransé sì gé nínú Kóńgò tirẹ̀ fún Jámánì. Ilẹ̀ tí wọ́n gé yẹn ló mú Kamẹrúùnù fẹ̀ lójijì. Ẹsẹ̀ méjì tí ọmọ náà fi ìka tọ́ ni ibi tí Jámánì ti rí ọ̀nà dé odò Kóńgò àti odò Ubangi. Jámánì náà yọ̀ǹda ilẹ̀ kékeré kan lókè lọ́hùn-ún, láàárín odò Logone àti Chari. Àwọn Faransé ń pe ibẹ̀ ní ẹnu pẹ́pẹ́yẹ nítorí bó ṣe rí lórí máàpù. Àwọn tó ń gbé ilẹ̀ wọ̀nyí, kò sẹ́ni tó pè wọ́n sí ìpàdé náà. Wọ́n sùn lábẹ́ Faransé, wọ́n jí lábẹ́ Jámánì, nítorí Morocco tí wọn kò dé rí.

Ní 1914 ogun bẹ̀rẹ̀, nígbà tí 1916 fi dé, Jámánì kò ní Kamẹrúùnù mọ́. Kamẹrúùnù ẹlẹ́sẹ̀ méjì yẹn kò pé ọdún márùn-ún láyé. Máàpù tó dá lé 1910 kò ní ní in, èyí tó dá lé 1914 gbọ́dọ̀ ní in. Ìdí nìyí tí mo fi sọ pé kí ẹ má ra ìwé máàpù ìtàn tó bá kàn kọ "ṣáájú ogun" tàbí "ìgbà àwọn amúnisìn" sórí máàpù. Ẹ ra èyí tó kọ ọdún.

Ọmọ_Ìlọrin · aago 7:10 àárọ̀

Ẹ kú làákàyè. A dúpẹ́ pé tiwa kò rí bẹ́ẹ̀, láti 1914 tí Lugard ti pa àríwá àti gúúsù pọ̀, ààlà Nàìjíríà kò yẹ̀ kúrò níbi tó wà.

Oníṣòwò_Yola · aago 7:52

Ẹ̀gbọ́n Ìlọrin, ó yẹ̀ o. Ọmọ Ọ̀fà ni mí, ṣùgbọ́n Yola ni mo ti ń ṣòwò, ọjà mi sì máa ń dé Mubi. Mubi yẹn kò sí nínú Nàìjíríà ní 1 October 1960.

Lẹ́yìn tí wọ́n lé Jámánì lọ, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé pín Kamẹrúùnù. Ìpín Gẹ̀ẹ́sì jẹ́ ilẹ̀ tóóró méjì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààlà wa. Wọ́n ń ṣàkóso rẹ̀ pa pọ̀ mọ́ Nàìjíríà, ṣùgbọ́n kì í ṣe ara rẹ̀. Ní February 1961 ni wọ́n dìbò. Apá àríwá ní Nàìjíríà làwọn fẹ́, wọ́n wọlé ní 1 June 1961. Apá gúúsù bá Kamẹrúùnù lọ ní 1 October ọdún kan náà. Àwọn àgbà ní Mubi ṣì ń rántí ìbò náà.

Ìwé tí wọ́n fi ń kọ́ àwọn ọmọ wa ń ya Nàìjíríà ọjọ́ òmìnira pẹ̀lú ìrísí tòní. Àṣìṣe ni. Bí ẹ bá fẹ́ mọ̀ bóyá oníwèé kan ṣiṣẹ́ rẹ̀ dáadáa, ẹ ṣí Nàìjíríà 1960 tirẹ̀, kí ẹ wo apá ìlà-oòrùn àríwá. Tí Mubi bá wà nínú ààlà, ẹ gbé ìwé náà padà sórí pẹpẹ.

Ọmọ_Ìlọrin · aago 8:03

Mo gba àtúnṣe, ẹ ṣé. Bakassi náà sì ń bẹ, mo gbàgbé rẹ̀. 2002 ni kóòtù àgbáyé dá a fún Kamẹrúùnù, August 2008 ni a yọ̀ǹda rẹ̀ tán.

Ará_Ìmẹ̀kọ · aago 12:30 ọ̀sán

Mo ń ka ọ̀rọ̀ yìí, ọkàn mi ń lọ sí ilé.

Ní 10 August 1889, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fọwọ́ sí ìwé lórí ibi tí ilẹ̀ kálukú wọn yóò dé. Ìlà tí wọ́n fà gba àárín ilẹ̀ Kétu kọjá. Kétu fúnra rẹ̀ bọ́ sí ọwọ́ Faransé, Ìmẹ̀kọ bọ́ sí ọwọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ọmọ ìyá kan náà ni wá. Ogun Dahomey ti fọ́ Kétu ní 1886, àwọn ará ìlú kò tíì kó ara wọn jọ tán tí wọ́n fi pín ilẹ̀ náà mọ́ wọn lọ́wọ́. Ìyá bàbá mi, títí ó fi kú, kò pe òdìkejì ní òkèèrè. "Ilé" ló ń pè é.

Nínú ìwé máàpù tí mo lò ní ilé ẹ̀kọ́, ìlà náà pupa, ó nípọn. Mo fi rúlà wọ̀n ọ́n lọ́jọ́ kan, mo fi ìwọ̀n tó wà nísàlẹ̀ ojú ewé ṣírò rẹ̀: ní ìwọ̀n yẹn, ìnípọn ìlà nìkan tó ọ̀pọ̀ kìlómítà. Oko bàbá mi, odò tí a ń pọn, ọjà wa, gbogbo rẹ̀ wà lábẹ́ yíǹkì. Olùkọ́, ẹ jọ̀ọ́, ìwé yòówù tí ẹ bá rà, kí ó ní máàpù tó sún mọ́ ilẹ̀, kì í ṣe gbogbo Áfíríkà lójú ewé kan ṣoṣo.

Ẹ̀gbọ́n_Peckham · aago 6:45 ìrọ̀lẹ́

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o. Ẹ jẹ́ kí n bọ́ sórí ìwé rírà, nítorí mo ti rà púpọ̀.

Níbí, àwọn ṣọ́ọ̀bù tó ń ta ohun àlòkù fún ìtọrẹ àánú kún fún ìwé máàpù ìtàn. Èyí tí mo rí jù ni The Times Atlas of World History. 1978 ni àkọ́kọ́ jáde, Geoffrey Barraclough ni olóòtú, ó sì mọ̀ọ́mọ̀ gbìyànjú kí ìtàn ayé má jẹ́ ti Yúróòpù nìkan. Wọ́n ti tún un ṣe lọ́pọ̀ ìgbà. Máàpù rẹ̀ dára, àlàyé wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, atọ́ka ẹ̀yìn rẹ̀ lágbára. Èmi á ní kí ó jẹ́ ìwé àkọ́kọ́ yín. Ṣùgbọ́n ó wúwo bí òkúta. Kí ẹ bá ẹni tó ń bọ̀ wálé sọ ọ́, kí ó fi sínú ẹrù rẹ̀, kí ẹ má san owó ìfiránṣẹ́.

Ọmọ_Yorùbá_Houston · aago 8:20 alẹ́

Ẹ̀gbọ́n Peckham, mo bọ̀wọ̀ fún yín, ṣùgbọ́n n kò ní fi í ṣe àkọ́kọ́. Ìwé tó bá gbé gbogbo ayé, ojú ewé mélòó ló kù fún Áfíríkà lẹ́yìn 1870? Èyí tí Ará Ìmẹ̀kọ ń sọ kò sí nínú rẹ̀.

Historical Atlas of Africa tí J. F. Ade Ajayi àti Michael Crowder darí ni mo máa fi síwájú. 1985 ló jáde. Ọmọ Ìkọ̀lé-Èkìtì ni Ajayi, ó mọ ohun tó yẹ kí ọmọ ilẹ̀ yìí rí lórí máàpù. Kò wọ́pọ̀ lọ́jà mọ́, àlòkù ni ẹ máa rí.

Ìyá_Láíbìrì · aago 8:48

Òótọ́ ni, ó ṣọ̀wọ́n. Ẹ bèèrè ní láíbìrì yunifásítì tó bá sún mọ́ yín, ẹ mú àwọn ọmọ lọ wò ó níbẹ̀. Àmọ́ ẹ má gbàgbé pé 1985 ni. Eritrea tó dá dúró ní 1993 kò sí nínú rẹ̀, South Sudan 2011 kò sí nínú rẹ̀.

Èyí tí ẹ kò ní sanwó fún ni ìwé ìtàn Áfíríkà tí UNESCO ṣe, General History of Africa. Apá mẹ́jọ àkọ́kọ́ rẹ̀ wà lọ́fẹ̀ẹ́ lórí íntánẹ́ẹ̀tì wọn. Ajayi náà ló darí apá kẹfà. Èyí tó bá iṣẹ́ yín mu ni apá keje, láti 1880 sí 1935, tí Adu Boahen ará Gánà darí, àti apá kẹjọ, láti 1935, tí Ali Mazrui darí. Èdè rẹ̀ le díẹ̀ fún ọmọ SS2, ẹ̀yin olùkọ́ ni ẹ máa kà á kí ẹ tó kọ́ wọn. Ẹ fi owó yín ra ohun tí kò sí lọ́fẹ̀ẹ́.

Ọmọ_Ìjẹ̀ṣà · aago 9:15

Kí ẹ tún ṣọ́ ìrísí ayé tí wọ́n máa gbé kọ́ sára ògiri. Máàpù kan wà níbi tí Greenland ti tó Áfíríkà. Áfíríkà tó bíi 30 mílíọ̀nù kìlómítà níbùú lóròó, Greenland kò ju mílíọ̀nù méjì àti díẹ̀ lọ. Ó gba Greenland 14 kó tó kún Áfíríkà. Wọ́n yà á láti fi rẹ́ wa sílẹ̀ ni.

Atẹ̀wé_Ṣómólú · aago 9:37

Ẹ̀gbọ́n, Mercator ni orúkọ ẹni tó ya máàpù tí ẹ ń sọ yẹn, àwọn atukọ̀ ló sì yà á fún ní 1569. Bí atukọ̀ bá fa ìlà tó gún lórí rẹ̀, tó sì di kọ́ńpáàsì mú sí ibi kan náà, yóò gúnlẹ̀ síbi tó ń lọ. Kí ìyẹn lè ṣeé ṣe, ó gbọ́dọ̀ na àwọn ilẹ̀ tó jìnnà sí àárín gbùngbùn ayé. Àwọn tó gbé e kúrò nínú ọkọ̀ ojú omi wá sí kíláàsì ni kí ẹ bi. Inú mi dùn pé ní 2025, Àjọ Ìṣọ̀kan Áfíríkà dá sí i pé kí a lo èyí tó fi ìwọ̀n ilẹ̀ hàn bó ṣe rí. Equal Earth ni orúkọ ọ̀kan nínú irú rẹ̀, ọ̀fẹ́ ni, 2018 ni wọ́n gbé e jáde. Ẹ lè ní kí wọ́n tẹ̀ ẹ́ sórí fílẹ́ẹ̀sì fún yín, bí ti ìpolówó ìsìnkú. Kò wọ́n.

Ọmọ_Èkó_ní_Bahia · Ọjọ́ Rú, aago 1:12 òru

Olùkọ́, ẹ má jẹ́ kó bẹ̀rẹ̀ láti ìgbà tí wọ́n pín Áfíríkà nìkan, ẹ jọ̀ọ́. Níbi tí mo wà yìí, Salvador, ojú àwọn ará wa ni mò ń rí lójoojúmọ́. 1888 ni Bràsíìlì tó fòpin sí oko ẹrú, 1886 ni Kúbà. Ìyẹn bọ́ sínú ìgbà tí ẹ ń kọ́.

David Eltis àti David Richardson ṣe ìwé máàpù òwò ẹrú ojú òkun Àtìláńtíìkì ní 2010. Orí àkọsílẹ̀ ọkọ̀ òkun ni wọ́n gbé e lé, ẹnikẹ́ni sì lè wo àkọsílẹ̀ náà lọ́fẹ̀ẹ́ lórí SlaveVoyages: ìrìn ọkọ̀ tó ju 36,000 lọ. Ìṣirò wọn ni pé wọ́n kó ènìyàn bíi mílíọ̀nù 12 àbọ̀ sínú ọkọ̀, àwọn tó gúnlẹ̀ láàyè kò pé mílíọ̀nù 11. Ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ fúnra wọn yan Èkó àti Wídà (Ouidah, ní Bẹ̀nẹ̀) níbẹ̀, kí wọ́n wo èbúté tí ìlà ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan já sí. Mo ṣe é, n kò lè sùn lálẹ́ ọjọ́ náà.

Olùkọ́Ìtàn_Ẹ̀gbá · aago 5:30 ìrọ̀lẹ́

Ẹ̀yin ará, Ọlọ́run á bù sí ìmọ̀ yín.

Mo yá gíláàsì lọ́wọ́ aláago kan. Ní igun ìsàlẹ̀ máàpù Amẹ́ríkà, níta ìlà gẹ́gẹ́ bí Atẹ̀wé ṣe sọ, mo rí i: 1986. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ pariwo.

Mo mú ọ̀rọ̀ Agadir lọ sí kíláàsì láàárọ̀ yìí. Mo pe ọmọbìnrin náà síwájú, mo ní kó sọ fún àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ìdí tí Kamẹrúùnù fi hu ẹsẹ̀ méjì. Nígbà tó sọ ọ́ tán, ọmọkùnrin kan lẹ́yìn bèèrè pé kí ni àwọn ará ibẹ̀ wá sọ. Ẹnu wa kún un títí aago fi lù.

Mo ti pinnu. Màá wá ti Ajayi àti Crowder ní àlòkù, àbúrò mi tó ń bọ̀ láti Ìlú Ọba ní December á gbé Times dání, tó bá jẹ́ àtẹ̀jáde tó ti kọjá 1991. Ìkẹta ni ti òwò ẹrú. Apá keje àti ìkẹjọ ti UNESCO, mo ti ń wà á jáde sórí fóònù báyìí. Èyí tó ti já yìí náà á wà lórí pẹpẹ, a ti fi bébà kékeré kọ 1986 mọ́ iwájú rẹ̀. Ó ku ẹ̀yìn rẹ̀ tí mo fẹ́ lẹ̀.

Ìyá_Láíbìrì · aago 6:02

Ẹ má fi sẹlotéèpù lẹ̀ ẹ́ o! Bó bá pẹ́, á di pupa rúsúrúsú, á jẹ bébà náà, gọ́ọ̀mù rẹ̀ á sì wọ inú máàpù. Sítáàṣì ẹ̀gẹ́ ni kí ẹ rò lórí iná, kó ki díẹ̀, kó tutù. Ẹ fi aṣọ funfun fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ lẹ̀ ẹ́ láti ẹ̀yìn, kí ẹ gbé ìwé tó wúwo lé e mọ́jú. Ẹ kó o kúrò nílẹ̀ tó bá gbẹ, aáyán fẹ́ràn sítáàṣì.